Orí Kẹfà: Nígbà tí Káńsù Bá Fi Dúkìá Ìlú Ṣe Líìsì

Ẹni tó bá sọ̀ kalẹ̀ ní ibùdókọ̀ ojú irin Peckham Rye, tó sì yà sí òpópónà Rye Lane, kò ní rìn jìnnà kó tó gbọ́ Yorùbá létí. Iṣu wà níta, ẹja gbígbẹ wà nínú páálí, àwọn onídìrí dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń pe oníbàárà. Lẹ́yìn àwọn ṣọ́ọ̀bù wọ̀nyí ni ilé ìgbọ́kọ̀sí alájà kan wà, ilé kọnkéré ràgàjì tí wọ́n kun àtẹ̀gùn rẹ̀ ní àwọ̀ píǹkì. Nígbà kan rí, ọkọ̀ tó ń wọ ibẹ̀ kò tó nǹkan, àjà tó ṣófo ló pọ̀ jù. Lọ́dún 2007, àjọ oníṣẹ́ ọnà Bold Tendencies bẹ̀rẹ̀ sí í lo àwọn àjà òkè. Lọ́dún 2009, ilé ọtí Frank's Cafe ṣí sórí òrùlé. Nígbà tó di ọdún 2015, Káńsù Southwark tó ni ilé náà ní láti pinnu ẹni tí yóò gba àwọn àjà ìsàlẹ̀. Bold Tendencies fẹ́ sọ ibẹ̀ di yàrá iṣẹ́ fún oníṣẹ́ ọnà bí i 800. Àwọn tó ṣe Pop Brixton lórí ilẹ̀ Káńsù Lambeth náà gbé ètò tiwọn wá. Àwọn yìí ni káńsù mú, ètò wọn tí wọ́n pè ní Peckham Levels sì ṣí ilẹ̀kùn ní oṣù Kejìlá ọdún 2017.

Onílé tó yan ayálégbé kò ṣẹ̀. Ṣùgbọ́n onílé yìí kì í ṣe ẹgbẹ́ onílé tó kù. Bí ẹnì kan bá ní ṣọ́ọ̀bù lórí Rye Lane, ó lè gbé e fún àbúrò rẹ̀ lówó pọ́ọ́kú, ó lè tì í pa, kò sì sí aládùúgbò tó lè ní kó wá ṣàlàyé. Káńsù kò ní irú òmìnira bẹ́ẹ̀. Owó ìlú ló fi ra ohun tó ní, tàbí kó jẹ́ pé wọ́n fi lé e lọ́wọ́ nítorí ìlú. Nítorí náà ni aráàlú tí kò ní kọ́bọ̀ nínú líìsì náà fi lè gbé e lọ sí kóòtù. Bí ó bá sì dé ibẹ̀, adájọ́ kò ní bi í bóyá ayálégbé tí káńsù yàn dára tàbí kò dára. Ohun tí yóò béèrè ni pé: agbára wo ni káńsù lò, ṣé ó tọ ọ̀nà tí òfin là sílẹ̀, àti pé ta ni ó ń bá tọ́jú ohun tó fi sílẹ̀? Ọ̀pọ̀ ẹjọ́ tó dùn ún gbọ́ létí ló ti wó lulẹ̀ nítorí pé àwọn tó pè é ń jà lórí ìbéèrè àkọ́kọ́ yẹn, èyí tí adájọ́ kò béèrè.

Agbára wo ni káńsù fi ń ṣe é?

Òfin ló bí káńsù, òfin náà ló sì so ó lókùn mọ́lẹ̀. Òótọ́ ni pé Localism Act ti ọdún 2011 fún un ní agbára gbòòrò láti ṣe ohunkóhun tí ẹnikẹ́ni lè ṣe, àmọ́ agbára yẹn kò lè fo ìdènà tí òfin tó ṣáájú rẹ̀ ti gbé kalẹ̀. Ní ti ilẹ̀ àti ilé, abala 123 nínú Local Government Act ti ọdún 1972 ni lọ́yà máa ń kọ́kọ́ ṣí. Abala náà ní káńsù lè ta ilẹ̀ tàbí kó fi ṣe líìsì bó ṣe wù ú, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ gba owó tó kéré sí èyí tó dára jù lọ tí ọjà lè san, àfi tí mínísítà bá fọwọ́ sí i. Líìsì tí kò ju ọdún méje lọ bọ́ lọ́wọ́ ìdènà yìí. Ìdí nìyẹn tí ọdún méje fi wọ́pọ̀ nínú ìwé àdéhùn káńsù, ẹni tó bá sì rí i níbẹ̀ kí ó mọ̀ pé ẹni tó kọ ọ́ mọ ohun tó ń ṣe.

Àyè kan tún wà. Láti ọdún 2003 ni ìjọba àpapọ̀ ti fọwọ́ sí i lápapọ̀ pé káńsù lè gba owó tó dín sí iye ọjà, bí àdínkù náà kò bá ti ju £2,000,000 lọ, tí káńsù sì gbà pé ohun tó fẹ́ ṣe yóò mú ọrọ̀ ajé, ìgbé ayé tàbí àyíká àdúgbò dára sí i. Ọ̀nà yìí ló ń jẹ́ kí ẹgbẹ́ aláàánú, ilé ìtọ́jú ọmọdé tàbí ilé ìṣẹ́ ọnà rí ilé káńsù gbà ní owó tí wọ́n lè san. Ṣùgbọ́n káńsù gbọ́dọ̀ mọ iye tí ilé náà tó kí ó tó din owó rẹ̀ kù. Nígbà tí Káńsù Hackney ta ilé fún àwọn ayálégbé inú rẹ̀, tí ilé iṣẹ́ kan tó ń jẹ́ Structadene sì ti fi owó tó ju bẹ́ẹ̀ lọ̀ wọ́n, ilé ẹjọ́ fagi lé títà náà.

Ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ fi ìyàtọ̀ sáàárín líìsì àti ìwé ìyọ̀ǹda sọ́kàn, nítorí pé ó kan àwọn ará Peckham gan-an. Ẹni tó ń pàtẹ lójú títì ní Choumert Road kò ní líìsì. Ìwé àṣẹ ìpàtẹ ló gbà lọ́wọ́ káńsù. Ẹni tó gba yàrá, tó ti ilẹ̀kùn rẹ̀ mọ́ra, tó ń san owó fún àkókò kan pàtó, ayálégbé ni, ohun yòówù tí wọn ìbáà pè é nínú ìwé. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ló sọ bẹ́ẹ̀ lọ́dún 1985, nínú ẹjọ́ Street àti Mountford. Ayálégbé onísòwò sì ní ẹ̀tọ́ láti béèrè fún líìsì tuntun lábẹ́ òfin ọdún 1954, àyàfi bí ó bá ti buwọ́ lùwé pé òun yọ̀ǹda ẹ̀tọ́ náà. Ìwádìí tí Yunifásítì Roehampton gbé jáde lọ́dún 2013 rí ìjọ adúláwọ̀ 240 ní Southwark nìkan, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló sì ń jọ́sìn nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n háyà àti ilé iṣẹ́ tí wọ́n sọ di ilé ìsìn. Pásítọ̀ tí kò ka ìlà yẹn nínú ìwé kó tó buwọ́ lù ú lè kó gbogbo ìjọ síta ní ọjọ́ tí líìsì bá tán.

Ilé kan lórí Wandsworth Common

Ilẹ̀ ìgbafẹ́ le ju ilé lásán lọ. Ní Peckham, ìgbìmọ̀ ìjọ àdúgbò Camberwell ra Peckham Rye lọ́dún 1868 kí àwọn akọ́lé má baà gbà á. Ní ọjọ́ 14 oṣù Karùn-ún ọdún 1894, ìjọba London County Council ṣí páàkì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Irú ilẹ̀ yìí ní òfin tirẹ̀ lórí abala 123: àṣẹ kan tí wọ́n ṣe lọ́dún 1967 fún àwọn páàkì àti ilẹ̀ gbalasa Lọ́ńdọ̀nù. Àṣẹ náà ka ohun tí káńsù lè kọ́ tàbí kó fi sílẹ̀ fún ẹlòmíràn nínú páàkì, bí i ibi eré ìdárayá, ilé oúnjẹ àti gbọ̀ngàn.

Wandsworth Common wà ní gúúsù Lọ́ńdọ̀nù bákan náà. Ilé kan wà lórí rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Neal's Lodge. Káńsù Wandsworth pinnu láti fi ilé náà ṣe líìsì fún Smart Pre-Schools, ilé iṣẹ́ tó ń tọ́jú ọmọ tí kò tíì tó ilé ìwé lọ. Lójú ẹni tó ń wò ó láti òkèèrè, kò sí ìjà níbẹ̀: àwọn òbí nílò ibi tí wọn yóò fi ọmọ sí kí wọ́n lè lọ síbi iṣẹ́, káńsù yóò rówó gbà, àwọn ọmọ yóò sì rí koríko ṣeré lórí. Ṣùgbọ́n ará àdúgbò kan gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí Ilé Ẹjọ́ Gíga. Ohun tó sọ kò ju pé àṣẹ ọdún 1967 kò fún káńsù lágbára láti ṣe irú líìsì bẹ́ẹ̀.

Adájọ́ Lang dá a láre lọ́dún 2017. Ohun ìgbafẹ́ fún gbogbo ìlú ni àṣẹ náà fàyè gbà, ilé tí ó sì jẹ́ ti àwọn ọmọ tí òbí wọn forúkọ wọn sílẹ̀, tí wọ́n sanwó fún, kì í ṣe ti gbogbo ìlú. Káńsù pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn. Lọ́dún 2018, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn kò yí ìdájọ́ náà padà. Ẹjọ́ yìí ṣe pàtàkì nítorí pé kò sẹ́ni tó ní ilé ìtọ́jú ọmọ burú, kò sì sẹ́ni tó fẹ̀sùn jìbìtì kan káńsù. Ohun rere ni káńsù fẹ́ fi ilé náà ṣe. Ilẹ̀ tó fẹ́ ṣe é lé lórí ni kò gbà á láyè.

Ilẹ̀ tí wọ́n fi sọ́wọ́ káńsù

Ìdájọ́ tó tún tú ilé kà fún àwọn káńsù jẹyọ ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹta ọdún 2023, ní Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ. Shrewsbury ni ìlú tó ti wá. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2017, káńsù ìlú náà ta apá kan pápá ìṣeré Greenfields fún ilé iṣẹ́ akọ́lé ní £550,000. Káńsù Shropshire sì fún akọ́lé náà ní ìwé àṣẹ láti kọ́ ilé 15. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò yẹ̀ wò ni pé òfin ọdún 1875 àti ti 1906 ti so ilẹ̀ náà mọ́ ìlú: káńsù ń bá aráàlú dì í mú ni, kí wọ́n lè máa gbafẹ́ níbẹ̀.

Abala 123 ní bí káńsù bá fẹ́ fi ilẹ̀ gbalasa sílẹ̀, ó gbọ́dọ̀ kéde rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn àdúgbò fún ọ̀sẹ̀ méjì léra wọn, kó sì gbé àtakò aráàlú yẹ̀ wò. Ìkéde bẹ́ẹ̀ kì í tóbi. Ó máa ń wà lójú ewé ẹ̀yìn, láàárín ìkéde ọ̀nà tí wọ́n fẹ́ tì àti ti ilé ọtí tó ń wá ìwé àṣẹ, pẹ̀lú orúkọ ilẹ̀ náà, ibi tí máàpù rẹ̀ wà, àti ọjọ́ tí àtakò yóò parí. Ní Shrewsbury, wọn kò kéde rárá. Akọ́lé ní òun ti sanwó, òfin sì dáàbò bo ẹni tó rà. Ilé ẹjọ́ gbà pé ilẹ̀ náà di tirẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ aráàlú kò kúrò lórí rẹ̀, nítorí pé ìkéde nìkan ló lè tú u. Wọ́n fagi lé ìwé àṣẹ ìkọ́lé náà. Ilẹ̀ tí aráàlú ṣì lẹ́tọ̀ọ́ láti máa gbafẹ́ lórí rẹ̀ ló wá kù sí akọ́lé lọ́wọ́. Látìgbà náà, ohun àkọ́kọ́ tí lọ́yà àwọn alátakò ń wá ni ìwé àtijọ́: ta ni ó ta ilẹ̀ yìí fún káńsù, lọ́dún wo, lábẹ́ òfin wo?

Ọ̀rọ̀ yìí kò ṣàjèjì sí Yorùbá. Ní ọdún 1920, Olóyè Amodu Tijani, Oluwa ti Èkó, wọkọ̀ ojú omi wá sí Lọ́ńdọ̀nù pẹ̀lú Herbert Macaulay nítorí ilẹ̀ Àpápá tí ìjọba àmúnisìn gbà lọ́dún 1913. Ìjọba ní olóyè kò ní ju agbára àti darí ilẹ̀ náà lọ, nítorí náà owó gbà-má-bínú kékeré tó o. Ní oṣù Keje ọdún 1921, ìgbìmọ̀ onídàájọ́ Privy Council, tó ń jókòó ní Downing Street, dá a láre. Adájọ́ Haldane ṣàlàyé pé ti ìdílé àti àwùjọ ni ilẹ̀, pé olóyè dà bí alágbàtọ́ tó ń bá wọn mú un dání, àti pé ẹ̀tọ́ àwùjọ kò parẹ́ nítorí pé ìjọba yí padà. Ẹni tó bá wọ bọ́ọ̀sì 12 ní Peckham lónìí yóò gba iwájú Downing Street kọjá. Ohun tí ilé ẹjọ́ sọ nípa Greenfields lẹ́yìn ọdún 102 súnmọ́ ọn gan-an: ẹni tó di ilẹ̀ mú fún ìlú kò lè fi í sílẹ̀ bí ó ṣe wù ú kí ẹ̀tọ́ ìlú sì bá a lọ láìsí ìkéde.

Kì í ṣe gbogbo ìfisílẹ̀ ni líìsì. Bọ́ọ̀sì 37 ló ń gbé ará Peckham lọ sí Herne Hill, níbi tí Brockwell Park wà. Ọdọọdún ni Káńsù Lambeth ń fi apá kan páàkì náà háyà fún àwọn olórin, wọn a sì fi ògiri yí i ká. Òfin ìkọ́lé gbà pé wọ́n lè lo ilẹ̀ fún ọjọ́ 28 lọ́dún láìgba ìwé àṣẹ. Lọ́dún 2025, ọjọ́ tí wọn yóò fi gbé nǹkan wọlé, tí wọn yóò fi ṣeré, tí wọn yóò sì fi tú u palẹ̀ jẹ́ 37. Àwọn ará àdúgbò pẹjọ́. Ní ọjọ́ 16 oṣù Karùn-ún, Adájọ́ Mould fagi lé ìwé ẹ̀rí tí káńsù fún àwọn olùṣètò ayẹyẹ orin náà. Àwọn olùṣètò kọ ìwé tuntun, ayẹyẹ náà sì wáyé. Inú àwọn kan bàjẹ́ pé ìdájọ́ kò dá orin dúró, ṣùgbọ́n ó ti fi hàn pé káńsù gbọ́dọ̀ ka ọjọ́ ìgbáralẹ̀ àti ìtúpalẹ̀ mọ́ ọjọ́ eré. Ìdájọ́ tó gbè sẹ́yìn káńsù náà wà: lọ́dún 2017, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn sọ pé abala 145 nínú òfin ọdún 1972 fún Káńsù Haringey lágbára láti ti apá kan Finsbury Park nítorí orin. Ẹni tó bá ń ronú nípa ayẹyẹ GALA tó ń wáyé ní Peckham Rye gbọ́dọ̀ ka méjèèjì pọ̀.

Aago ti bẹ̀rẹ̀ sí í lọ

Ibi tí àwọn alátakò ti ń pàdánù jù lọ ni àkókò. Ẹni tó fẹ́ kí adájọ́ yẹ ìpinnu káńsù wò gbọ́dọ̀ gbé e dé kóòtù kíákíá, kò sì gbọ́dọ̀ ju oṣù mẹ́ta lọ láti ọjọ́ tí ìpinnu wáyé. Bí ó bá jẹ́ ìwé àṣẹ ìkọ́lé, ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni. Bí ó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ bí káńsù ṣe pín kọ́ńtíráàtì, ọjọ́ 30. Kí ó tó pẹjọ́, ó yẹ kí ó kọ lẹ́tà sí káńsù láti sọ ohun tó ń bí i nínú, kó sì fún wọn ní ọjọ́ 14 láti fèsì. Bí ó bá fẹ́ ìwé lọ́wọ́ káńsù lábẹ́ òfin òmìnira ìròyìn, káńsù ní ọjọ́ iṣẹ́ 20 láti dáhùn. Ẹni tó dúró di ìgbà tí wọ́n bá gbé irin wá síbi iṣẹ́ ti pẹ́.

Nítorí náà, ibi tó yẹ kí ojú wà ni ìwé ìpàdé. Káńsù gbọ́dọ̀ kéde ìpinnu ńlá ní ọjọ́ 28 kí ó tó ṣe é. Ní Southwark bí i ti ibòmíràn, àwọn kánsẹ́lọ̀ kan lè pe ìpinnu kábínẹ́ẹ̀tì padà fún àyẹ̀wò kí ó tó fìdí múlẹ̀. Olùdìbò àdúgbò sì lè yẹ ìwé ìṣirò owó káńsù wò fún ọjọ́ iṣẹ́ 30 lọ́dọọdún, kó bèèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ayẹ̀wéwò, kó tako ohun tó bá lòdì sófin nínú rẹ̀. Ọ̀nà kan kò wọ ọjà, èyí sì rọrùn lówó ju kóòtù lọ.

Owó kóòtù ń bani lẹ́rù lóòótọ́. Ẹni tó bá pàdánù ló ń san owó lọ́yà ẹni tó borí. Ṣùgbọ́n bí ẹjọ́ náà bá jẹ mọ́ àyíká, bí i ti páàkì, òfin ti fi gbèdéke sí i: ẹnì kan kò ní san ju £5,000 lọ fún káńsù, ẹgbẹ́ kò ní san ju £10,000, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé adájọ́ lè yí iye náà padà. Ìdí nìyẹn tí ẹgbẹ́ àwọn aládùúgbò fi ń lè dìde. Fún oníṣọ́ọ̀bù tó ń jà lórí líìsì ilé lásán, kò sí irú ààbò bẹ́ẹ̀, ìyẹn sì jẹ́ àléébù ńlá nínú òfin náà, nítorí pé oúnjẹ òòjọ́ ẹni ni líìsì ṣọ́ọ̀bù.

Ohun tí irú àwọn ènìyàn yìí ní ni abala 149 nínú Equality Act ti ọdún 2010. Ó pàṣẹ fún káńsù pé kó tó pinnu, kó ronú dáadáa lórí bí ìpinnu rẹ̀ yóò ṣe kan àwọn ẹ̀yà, arúgbó, abirùn àti àwọn mìíràn tí òfin dáàbò bò. Ọjà Seven Sisters ní àríwá Lọ́ńdọ̀nù ni àpẹẹrẹ tó hàn jù, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìwé àṣẹ ìkọ́lé ni ẹjọ́ tiwọn dá lé. Àwọn ará Latin Amẹ́ríkà ló pọ̀ jù nínú ọjà náà. Lọ́dún 2010, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn fagi lé ìwé àṣẹ tí Haringey fi fún akọ́lé, nítorí pé káńsù kò fi ọ̀rọ̀ ẹ̀yà sọ́kàn bí òfin ìgbà náà ṣe wí. Ìjà náà ṣì ń bá a lọ títí di ọdún 2021 kí Grainger, ilé iṣẹ́ akọ́lé náà, tó fa ọwọ́ sẹ́yìn. Bí káńsù kan bá fẹ́ gba ilé lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò adúláwọ̀ ní Rye Lane láti fi ṣe líìsì fún ẹlòmíràn, ìwé àyẹ̀wò abala 149 ni lọ́yà wọn yóò kọ́kọ́ béèrè fún.

Bí ẹjọ́ bá yọrí sí rere pàápàá, adájọ́ kò ní sọ ẹni tó yẹ kó gba líìsì. Yóò fagi lé ìpinnu, yóò sì dá ọ̀rọ̀ padà sí káńsù, tó lè tún ṣe ìpinnu kan náà lọ́nà tó tọ́. Láti ọdún 2015, bí ó bá ṣeé ṣe gan-an pé àbájáde kò ní yàtọ̀ púpọ̀, ó sábà máa ń di dandan fún adájọ́ láti kọ̀ láti fagi lé ìpinnu náà. Àwọn alátakò mọ èyí, wọ́n sì ń lò ó ní ìdàkejì: ẹjọ́ ń ra àkókò. Lọ́dún 2018, àwọn alátakò pàdánù ní kóòtù lórí ètò £2 bílíọ̀nù tí Haringey fẹ́ ṣe pẹ̀lú ilé iṣẹ́ Lendlease, ṣùgbọ́n ìbò ọdún náà gbé àwọn kánsẹ́lọ̀ tuntun wọlé, wọ́n sì pa ètò náà tì.

Ẹjọ́ Crystal Palace Park náà gba àkókò gígùn. Ní oṣù Kẹta ọdún 1998, Káńsù Bromley fọwọ́ sí i kí wọ́n kọ́ ilé sinimá ńlá sí orí òkè níbi tí ààfin gíláàsì Crystal Palace ti jó lọ́dún 1936, pẹ̀lú ibi ìgbọ́kọ̀sí gbàràmù lórí òrùlé rẹ̀. Àwọn ará àdúgbò lọ láti kóòtù dé kóòtù, wọ́n pàdánù, wọn kò simi. Lọ́dún 2001, akọ́lé fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Ẹjọ́ náà ṣì ń lọ: ó dé kóòtù ilẹ̀ Yúróòpù ní Luxembourg ní oṣù Karùn-ún ọdún 2006, ó sì padà sí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Lọ́ńdọ̀nù ní oṣù Kejìlá ọdún náà, níbi tí àwọn adájọ́ ti sọ pé ó yẹ kí Bromley ti gbé ọ̀rọ̀ àyẹ̀wò ipa iṣẹ́ náà lórí àyíká wò ní ìpele kejì ìwé àṣẹ. Wọn kò kọ́ sinimá kankan síbẹ̀. Gbogbo káńsù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló wá ní láti tún ọ̀nà tí wọ́n ń gbà fọwọ́ sí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ṣe, títí kan Southwark.